Ìró Sányán Yèyé Tí Mo Gé

Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ nínú mi, ó ti ń di egbò. Ǹ bá má sọ ọ́, ṣùgbọ́n Sátidé tó ń bọ̀ ni a ó ṣí àpótí. Ẹ̀rù ń bà mí. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ tèmi tán kí ẹ tó bú mi.

Ọmọ Òṣogbo ni mí, Iléṣà ni mo lọ́kọ sí. Yèyé, ìyá ọkọ mi, ní ìró sányán kan tí bàbá wọn fọwọ́ ara rẹ̀ hun fún wọn nígbà tí wọ́n ń lọ sílé ọkọ. Òun ni àwọn ọmọ wọn obìnrin ró lọ́jọ́ ìgbéyàwó. Èmi náà ró o.

Ẹ mọ̀ pé a kì í gé ìró. Obìnrin ìbáà tẹ́ẹ́rẹ́ bí igi ìṣáná, ìbáà sì sanra bí èmi, yóò ró o, yóò sì gbà á. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe ń ti ọwọ́ ìyá bọ́ sọ́wọ́ ọmọ.

Èmi ni Yèyé gbé àpótí tí ìró náà wà nínú rẹ̀ fún, pẹ̀lú kọ́kọ́rọ́ rẹ̀.

Nígbà tí wọ́n gbé mi ga lẹ́nu iṣẹ́, mo fẹ́ mi ọ́fíìsì tìtì. Mo jí ìró náà gbé lọ fún télọ̀ kó fi rán síkẹ́ẹ̀tì. Télọ̀ di sísọ́ọ̀sì mú, ó ń wò mí.

"Màmá, ṣé kí n gé e lóòótọ́?"

"Gé e jàre! Ṣé aṣọ bàbá ẹ ni?"

Ó gé e. Aṣọ bàbá Yèyé mà ni.

Ẹ̀ẹ̀kan ni mo wọ̀ ọ́. Kò pẹ́ tí iyán Iléṣà fi ṣiṣẹ́ ẹ̀ lára mi, síìpù ní òun ò bá mi dókè mọ́. Aṣọ tó gba gbogbo obìnrin ilé wa kò wá gba ẹnì kankan mọ́. Mo ra ayédèrú tí wọ́n fi ẹ̀rọ hun, mo ká a sínú àpótí, mo tì í pa.

Ọmọbìnrin mi ló ń lọ sílé ọkọ ní Sátidé yìí. Yèyé ní àwọn fúnra wọn ni yóò ró sányán náà fún un. Ojú wọn ti ń ṣe bàìbàì, ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, ọwọ́ wọn ńkọ́? Sányán wúwo, ó rí ṣákaṣàka lọ́wọ́. Èyí tí mo rà ń yọ̀ bí ọṣẹ.

Lánàá, Yèyé pè mí lórí fóònù.

"Ìyàwó mi, àwọn ẹ̀gbọ́n ọkọ ẹ ní kí n gba kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́ ẹ, pé ọmọ Òṣogbo ò mọyì sányán. Mo ní kí wọ́n panu mọ́. Ìwọ ni kó o gbé àpótí náà wá o."

Mo ní, "Ẹ ṣé, mà."

Ọkọ mi ò mọ̀. Ọmọ mi ò mọ̀. Bí mo bá dákẹ́, ojú àwọn àna ni àṣírí yóò ti tú. Bí mo bá sọ, Yèyé ò ní pariwo. Wọ́n á kàn na ọwọ́ gba kọ́kọ́rọ́ wọn. Ìyẹn gan-an ló ń bà mí lẹ́rù jù.

Ẹ̀yin ìyá, ẹ jọ̀ọ́, èwo ni kí n gbé lọ bá wọn: àpótí ni, àbí síkẹ́ẹ̀tì?