Ẹ Gbé Páálí Kroft Padà fún Mi

"Dúró ná, má tíì pa á, jẹ́ kí orúkọ wọn kọjá tán." Làtíìfù, ọ̀rọ̀ tí ẹ̀gbọ́n rẹ bá mi sọ kẹ́yìn láyé nìyẹn, lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù! Eré ti parí, orúkọ àwọn tó ṣe é ló ń kọjá. Àìṣát ìyàwó mi ò ní kí n tọ́jú ara mi o, orúkọ àwọn òyìnbó tó ti kú ló ní kí n jẹ́ kó kọjá! Mo rẹ́rìn-ín, mo fi ẹ̀rọ DVD kékeré yẹn sílẹ̀ fún un, mo lọ ra tíì. Kí n tó padà dé... Jókòó jàre. Má dúró sẹ́nu ọ̀nà bí ẹni tó wá ka mítà.

Ẹjọ́ yín ni mo fẹ́ rò, ìwọ gan-an ni mo sì fẹ́ rò ó fún. Lọ́jọ́ fìdáù ogójì ọjọ́ rẹ̀, ẹ ní ọkọ kì í sí níbi tí ẹbí bá ti ń pín ẹrù ìyàwó rẹ̀. Mo gbà. Mo lọ jókòó sí kíṣìnnì bí ọmọ tó jí ẹran jẹ. Yusrah àbúrò yín kó léèsì, mi ò bínú. Ẹ kó góòlù, ó yẹ yín. Àmọ́ ta ló ní kí ìwọ gbé páálí abẹ́ tẹlifíṣọ̀n? Torí o rí "Ti Àìṣát" lára rẹ̀? Èmi ni mo kọ ọ́! Kí Nusaybah ọmọ wa má baà dà á nù ni mo ṣe kọ ọ́! Wàláì, ọwọ́ ara mi ni mo fi ṣe ara mi.

O ní DVD àtijọ́ lásán ni? Wò ó, lásán lo ń wí! Ọjà àlòkù ìlú òyìnbó níbí, láti Elephant títí dé Deptford, la ti ṣà wọ́n jọ. Iṣẹ́ Wendell Kroft ni, ọmọ Amẹ́ríkà, gbogbo ohun tó ṣe láyé. O ò mọ̀ ọ́n? Ẹ̀gbọ́n rẹ mọ̀ ọ́n ju bó ṣe mọ ìwọ lọ! Ọmọ alápatà ni. Orí rédíò ló ti ń polówó ọṣẹ, kó tó bẹ̀rẹ̀ sí í gbé eré ọlọ́pàá àti ọ̀daràn jáde, ó ń tẹ̀lé ọlọ́pàá gidi kiri nínú mọ́tò wọn kó lè gbọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀. Tẹlifíṣọ̀n dé, ó kó eré lọ síbẹ̀, gbogbo Amẹ́ríkà ń wò ó, àwọn ọlọ́ṣẹ ń náwó sí i. Ọjọ́ kan ni wọ́n ní apààyàn inú eré ò gbọdọ̀ wọ aṣọ funfun mọ́, pé ó ń ba ọjà àwọn jẹ́! Kroft ní kí ni kó wọ̀, àpò ìrẹsì? Ó kọ̀. Wọ́n gba eré lọ́wọ́ rẹ̀. Ó jókòó sílé pẹ́ títí kó tó rí eré kan ṣe sí i, aláwọ̀ mèremère, kì í ṣe dúdú-àti-funfun bíi ti tẹ́lẹ̀, òun náà ló ṣe kẹ́yìn. Ẹ̀gbọ́n rẹ bínú sí àwọn ọlọ́ṣẹ yẹn bí ẹni pé àdúgbò wa ní Nunhead ni wọ́n ń gbé! Ó pààrọ̀ ọṣẹ ìfọṣọ wa nítorí ẹ̀!

Máa rẹ́rìn-ín. Ó dùn, àbí?

Bí wọ́n bá pa ọkọ ẹnì kan nínú iṣẹ́ Kroft, opó á jókòó, á sọ tẹnu ẹ̀ débi tó bá fẹ́, ọlọ́pàá kankan ò ní já lu ọ̀rọ̀ ẹ̀. Àìṣát á ní, "Ẹni yìí mọ ohun tó ń ṣe èèyàn." Èmi náà opó ni mí, Làtíìfù! Ta ló bi mí léèrè? Kíṣìnnì lẹ fi mí sí, èmi àti ìkòkò ọbẹ̀ àlejò!

Mo bi Ààfáà. Bẹ́ẹ̀ ni, mo bi wọ́n! Wọ́n ní àṣà ilé yín lọ́tọ̀, ti Kùránì lọ́tọ̀. Pé bí ìyàwó bá bímọ, ìdá kan nínú mẹ́rin ohun tó fi sílẹ̀, ti ọkọ ni. Ó dáa. Ìdá mi nínú léèsì, mo fi jìn yín. Ti góòlù, mo fi jìn yín. Bàtà, ìkòkò, gèlè, kí Yusrah máa wé e lọ. Páálí yẹn nìkan ni kí ẹ fún mi, gbogbo ìdá mi nìyẹn.

Kí ló dé tí o ń wolẹ̀? Yusrah ní kí o gbé e fún ṣọ́ọ̀bù charity, àwọn tó ń ta ẹrù ìtọrẹ? Àsìtágàfúrúláhì! Làtíìfù, mo bẹ̀ ọ́... Kí lo wí? O ò tíì gbé e lọ? Inú ọkọ̀ fáànù rẹ ló wà? Láti ọjọ́ yẹn, lábẹ́ táyà sípéà? Háà! Ìmẹ́lẹ́ tí ẹ̀gbọ́n rẹ fi ń bú ọ lójoojúmọ́ ayé, ó mà ti wúlò o! Háháhá! Ọlọ́run á bù sí ìmẹ́lẹ́ rẹ!

Dìde, lọ gbé e wá báyìí. O ní kí n kó wá sọ́dọ̀ yín ní Brockley? Ẹ ṣé, ẹ má kán mi lójú. Iṣẹ́ ṣì wà nílẹ̀. Mi ò tíì wo eré aláwọ̀ tí Kroft ṣe kẹ́yìn yẹn. Mi ò tíì dá oògùn Àìṣát padà sí kẹ́mísì. Mi ò tíì sùn sí àárín bẹ́ẹ̀dì. Mi ò tíì sọ fún obìnrin ẹlẹ́ja Rye Lane. Ó ṣì ń fi orí ẹja pamọ́ fún un, mo sì ń gbà á.