Ọ̀rọ̀ Tí Mo Kọ́ Wọn Kí Kámẹ́rà Tó Dé

Mi ò fẹ́ kí ọ̀rọ̀ yìí bá mi wọ sàréè. Ọkọ mi Abdulhaleem, tí Ìlọrin mọ̀ sí onífíìmù tí kì í kọ eré sílẹ̀, kò mọ ohun tí mo ṣe títí ó fi kú lọ́dún tó kọjá. Ìlànà rẹ̀ ni pé kí ẹnikẹ́ni má múra. Á gbé kámẹ́rà lọ bá àwọn ọlọ́jà, á ní, "Ohun tó bá wá sí yín lọ́kàn ni kí ẹ sọ," kì í sì í ya ohun kan lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ̀rù máa ń bà mí. Ilé-ìwé àwọn Sísítà ìjọ Kátólíìkì ni mo lọ, àkọ́sórí ni wọ́n fi tọ́ wa. Mo rò pé bí àwọn ọlọ́jà ò bá rí nǹkan sọ, àwọn èèyàn á fi ẹni tí mo fẹ́ràn ṣe yẹ̀yẹ́. Ni mo bá ń lọ ṣáájú rẹ̀. Lẹ́yìn ìrun Alásárì, màá yọ́ lọ sí ọjà Ìpàta, màá kọ́ wọn lóhun tí wọ́n máa sọ lọ́jọ́ kejì.

Lọ́jọ́ kan, níwájú kámẹ́rà, Sàfúrátù oníṣu kojú mọ́ Láwàl awakọ̀: "Ìwọ, iṣu mi lo fi ṣe ìjókòó láti Kaiama?" Láwàl ní, "Màmá, ẹ bá mi bẹ iṣu yín, òun ló ń gún mi nídìí láti àná!" Abdulhaleem rẹ́rìn-ín títí kámẹ́rà fi ń mì lọ́wọ́ rẹ̀. "Ìyá Zahrah, o gbọ́? Ta ló lè jókòó kọ irú èyí?" Mo wo ilẹ̀. Èmi ni. Sàfúrátù ṣẹ́jú sí mi.

Ó yẹ kí n dá a dúró níbẹ̀. Mi ò dá a dúró. Nígbà tí àìsàn dá a dúbúlẹ̀ nílé wa ní àdúgbò Fate, ó ní kí n gbé kámẹ́rà sórí tábìlì, kí n jókòó síwájú rẹ̀. "Má ronú. Ṣáà bá mi sọ̀rọ̀." Àṣé mo ti fura pé ó máa kàn mí, mo sì ti ń kọ́ tèmi sórí nídìí sítóòfù. Mo ní, "Bí mo bá tún ayé wá, ẹ̀yìn kámẹ́rà yín ni kí ẹ ti wá mi." Ó sunkún. Ó ní, "Nínú gbogbo fíìmù mi, èyí nìkan ni mo máa mú lọ." Mo jẹ́ kó mú un lọ bẹ́ẹ̀.

Lánàá ni Al-Ameen ọmọ wa, tó ń fi ọ̀nà bàbá rẹ̀ ya fíìmù, wá sọ pé òun fẹ́ ta kámẹ́rà òun. "Mọ́mì, àwọn èèyàn mi kì í rí nǹkan sọ. Wọ́n á kàn máa wò mí. Bóyá Ọlọ́run ò fún mi ní ẹ̀bùn tó fún Dádì." Ọmọ mi, má tà á. Bóyá wọn ì bá dákẹ́ fún Dádì rẹ pẹ̀lú. Èmi ni mi ò jẹ́ ká mọ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ má gba ẹni tí ẹ fẹ́ràn lọ́wọ́ ìtìjú tí òun fúnra rẹ̀ ò bẹ̀rù.

Bàbá Zahrah, ẹ dárí jì mí. Ọ̀rọ̀ yẹn ni mo kọ́ sórí. Ìfẹ́ tó wà nínú ọ̀rọ̀ náà, ẹnikẹ́ni ò kọ́ mi.