Òróró Tí Mo Fi Orúkọ Bàbá Tà

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ọ̀rọ̀ mi, ọjọ́ Ìsinmi tó ń bọ̀ ni wọ́n fẹ́ fi mí ṣe olùkọ́ kíláàsì Bíbélì ní ìjọ wa l'Ádó-Èkìtì. Ipò ẹni tí mo ba orúkọ rẹ̀ jẹ́ ni. Ọkàn mi kò gbà á mọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ mi tán kí ẹ tó bú mi.

Bàbá Olùkọ́ là ń pè é, tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì. Bí a bá ń ka lẹ́tà àwọn àpọ́sítélì, kì í jẹ́ ká kàn máa ṣàmín. Á ní, "Ta ni wọ́n kọ ọ́ sí? Kí ló ń ṣe wọ́n nígbà yẹn?" Nígbà tí a dé ibi tí wọ́n ti ní kí wọ́n fi òróró kun aláìsàn, ó ṣàlàyé pé láyé ìgbà náà, òróró wà lára oògùn tí wọ́n ní nílé. Ó ní ní tiwa, ká gbàdúrà, ká sì lo oògùn dókítà.

Òróró ólífì ni mo ń tà nígbà náà, ní ṣọ́ọ̀bù kan ní àdúgbò Adébáyọ̀. Ọjà kò yá. Ọ̀gá mi, tí mo ń pè ní Àǹtí, ní mi ò mọ ọjà tà. Ó ní, "Ẹnu ẹni tí wọ́n fọkàn tán ni kí o fi tà á."

Mo wá ń bi oníbàárà pé kí ló ń ṣe é, bí Bàbá ṣe kọ́ wa. Màá wá ní, "Bàbá Olùkọ́ ní oògùn àwọn àpọ́sítélì nìyí." Mo gbé ìdajì ọ̀rọ̀ rẹ̀ mì. Ọjà yá, inú mi sì dùn, mi ò ní purọ́ fún yín.

Ìyá kan láti ìlú Ìyìn gbà mí gbọ́. Ó pa oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru tì, òróró ló ń mu. Ó ṣubú, apá rẹ̀ kan rọ, ọ̀rọ̀ kò já gaara lẹ́nu rẹ̀ mọ́. Ìgò ṣọ́ọ̀bù wa àti orúkọ Bàbá nìkan ni àwọn ọmọ rẹ̀ rí dì mú.

Àwọn alàgbà ìjọ pe èmi, Àǹtí àti Bàbá. Àǹtí ṣèlérí fún mi pé a jọ máa jẹ́wọ́ ni. Bí a ṣe wọlé, ó ní àwa kò mọ nǹkan kan, ẹ̀kọ́ Bàbá ló ṣi àwọn èèyàn lọ́nà. Ó dùn mí dé akínyẹmí ara. Ẹni tí mo fi ṣe ẹ̀gbọ́n ló dà mí. Síbẹ̀, èmi náà kò jẹ́wọ́.

Bàbá wò mí, ó wá yíjú sí àwọn alàgbà. Ó ní, "Èmi ni mo kọ́ wọn. Bí kò bá yé wọn, ẹ̀bi mi ni." Wọ́n gba kíláàsì lọ́wọ́ rẹ̀.

Kòkòrò tó ń jẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló wà. Àǹtí ni mo ń fi òwe yẹn bú nínú ọkàn mi, kó tó yé mi pé èmi náà ni kòkòrò Bàbá.

Lánàá, Bàbá ránṣẹ́ pé inú òun dùn pé èmi ni wọ́n yàn. Ó ní kí n má gbàgbé láti máa bi wọ́n pé ta ni wọ́n kọ ọ́ sí.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn. Ṣé kí n lọ bá a nílé, àbí kí n dìde jẹ́wọ́ lójú ìjọ? Bó bá jẹ́ òun nìkan ni mo lọ bẹ̀, mo mọ̀ pé á dárí jì mí, á sì tún bò mí láṣìírí. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù gan-an nìyẹn.