Búrẹ́dì Ọjọ́bọ̀

Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ gba àga lọ́wọ́ mi ní ọ́fíìsì akọ̀wé kóòtù, ẹ ti fura tipẹ́. Irun funfun mi lẹ kàn ń bọ̀wọ̀ fún. Fáìlì oníbúrẹ́dì yẹn kò ṣèèṣì sùn lọ́dọ̀ wa. Èmi ni mo tẹ́ ẹní fún un. Dókítà ti sọ iye oṣù tó kù fún mi, ohùn adájọ́ tó ń sún ẹjọ́ síwájú ló sì fi sọ ọ́. Ẹ jẹ́ kí n yáa sọ tẹnu mi kí wọ́n tó pa fáìlì tèmi náà dé.

Ìjọba gba ilẹ̀ obìnrin tó ni fáìlì náà láti fi mú títì fẹ̀. Wọ́n díye lé e bí ilẹ̀ lásán, bí ẹni pé ààrò búrẹ́dì tí bàbá rẹ̀ fi bíríkì mọ síbẹ̀ kò sí láyé rí. Ó fẹ́ pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn kí wọ́n ka ààrò náà mọ́ ọn, kí òun lè mọ òmíràn síbòmíràn. Ọgọ́ta ọjọ́ ni òfin fún un. Ọjọ́ kẹwàá ló dé ojú fèrèsé mi. Ó ní, "Ẹ káàsán o, lọ́yà wa." Lọ́yà! Èmi tí iṣẹ́ mi kò ju òǹtẹ̀ lílù lọ! Mo tún táì mi ṣe, mo lu òǹtẹ̀, n kò wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Ọjọ́ kejì ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ka lẹ́tà tó ti wà lórí tábìlì mi láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá: irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ kò sí lábẹ́ àṣẹ kóòtù wa mọ́. Kóòtù Ilẹ̀ ló ni ín, ní òdìkejì ìlú. Títí dé ibẹ̀, àṣìṣe ni. Ta ni kì í ṣe é? Gbólóhùn kan péré ló kù kí n sọ. Ṣùgbọ́n Ọjọ́bọ̀ tó tẹ̀lé e, obìnrin náà padà wá béèrè ibi tí ọ̀rọ̀ dé. Ó ti búrẹ́dì kan wọlé láti ihò fèrèsé, ó gbóná fẹlifẹli, aṣọ funfun ló fi wé e. Ó rẹ́rìn-ín. Ìyàwó mi ti kú láti ọdún mẹ́fà. Ẹ má bi mí pé kí ló dé tí ahọ́n mi so.

Ọmọbìnrin tó ń tẹ̀wé fún wa ti ka lẹ́tà náà. "Ọ̀gá, ẹ ò ní sọ fún màmá yìí ni?"

"Mo ń fojú tó o."

"Mo rí ojú náà, sà. Kò sí lára fáìlì."

Mo ti lẹ́tà bọ inú dúrọ́ọ̀, mo tì í pa. Láti ìgbà náà, gbogbo Ọjọ́bọ̀ ni obìnrin náà ń gbé búrẹ́dì wá. Láti ọjọ́ Ẹtì títí di Ọjọ́rú, ojú mi kì í kúrò lọ́nà. Mo ra táì méjì tuntun. Mo máa ń sọ fún ara mi pé obìnrin kì í jí po ìyẹ̀fun fún ọkùnrin tí kò wù ú. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ máa tọ́ ọwọ́ rẹ̀ wò nínú búrẹ́dì náà. Ọgọ́ta ọjọ́ pé. Mo mọ̀ pé ó pé. Ọjọ́bọ̀ ni. Mo jẹ búrẹ́dì mi.

Lẹ́yìn ọdún kan ààbọ̀, adájọ́ pe ẹjọ́ náà. "Kóòtù yìí kò lágbára láti gbọ́ ọ." Kò tíì wọ awò rẹ̀ tán tó ti parí rẹ̀. Nígbà tó gbé e dé Kóòtù Ilẹ̀, wọ́n ní ọgọ́ta ọjọ́ rẹ̀ ti kọjá. Obìnrin náà tún wá sójú fèrèsé mi, ó ní, "Lọ́yà wa, ẹ ṣé. Ẹ gbìyànjú fún mi." Ìdúpẹ́ yẹn ló ń pa mí, dókítà kàn fún un lórúkọ mìíràn ni. N kò tún rí i mọ́. Títí di òní, bí Ọjọ́bọ̀ bá mọ́, mo ṣì máa ń wo ẹnu ọ̀nà.

Bí ẹ bá rí i, ẹ bá mi bẹ̀ ẹ́. Ẹ̀yin náà, ẹ máa ka fáìlì kí ẹ tó gbé òǹtẹ̀. Èmi tí mò ń fọ́nnu pé mo mọ gbogbo fáìlì bí ẹni mọ ọmọ rẹ̀, oṣù tó kọjá ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí tirẹ̀ kọjá ojú ewé àkọ́kọ́, nígbà tí mò ń wá àdírẹ́sì rẹ̀. Fọ́tò kan wà ní ojú ewé kẹta: òkìtì bíríkì. Ọjọ́ tí katapílà wó ààrò náà wà lábẹ́ rẹ̀. Ọ̀sẹ̀ méjì gbáko ni kó tó wá kí mi ní lọ́yà. Gbogbo búrẹ́dì yẹn, rírà ló ń rà wọ́n.