Wọ́n Ti Pa Ilà Ojú Màmá Rẹ́

Ẹ má sọ fún mi pé kí n fara balẹ̀, Bọ̀ọ̀dá Barnabas! Ara wo ni n óò fi balẹ̀? Ẹ̀yin lọ́yà, ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi, ẹ̀yin náà lẹ ní kí n fọwọ́ sí ìwé àdéhùn yẹn, ẹ ní, "Tiwátọ́pẹ́, àǹfààní ńlá nìyí o, iléeṣẹ́ ńlá l'Ékòó ló fẹ́ ra kàtúùnù ẹ!" Mo sì fọwọ́ sí i. Ó tán!

Ẹ tún wá wo ohun tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí mi láàárọ̀ àná. Ta nìyí? Ṣé Màmá wa tó bí àwọn bàbá wa nìyí? Mo ya Màmá bó ṣe wà lọ́mọbìnrin, mo yà á tòun ti ilà pélé ojú rẹ̀, bó ṣe ń ti oko Ìkéjì-Arákéjì bọ̀, mo lọ jókòó tì í n'Íléṣà, mo gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, torí mo fẹ́ kí ọmọ Ìjẹ̀ṣà tan tẹlifíṣọ̀n kó rí ojú tó jọ ti ìyá àgbà tiẹ̀. Wọ́n ti pa ilà náà rẹ́! Wọ́n fún imú rẹ̀ pọ̀, ó di ṣóńṣó. Ohùn rẹ̀ ńkọ́? Wọ́n yọ ọ́ dànù, wọ́n fi ọmọge kan tó ń ránmú sọ̀rọ̀ dípò.

Mo pe Ọ̀gbẹ́ni Adéjọbí, ọ̀gá wọn. Ó ní ilà máa ń dẹ́rù ba ọmọdé. Ẹ gbọ́ o! Ojú tí gbogbo wa lajú bá láyé! Ó ní bí Màmá ṣe ń pe ilé ní "ulé" yẹn, kò sẹ́ni tó máa gbọ́ ọ. Mo ní, "Ọ̀gá, gbogbo Ìjẹ̀ṣà ńkọ́? Ṣé àwa kì í ṣe èèyàn ni?" Ó rẹ́rìn-ín. Ọlọ́run ló gbọ́, ó rẹ́rìn-ín!

Kí n ní kí wọ́n yọ orúkọ mi? Wọn ò gbà! Kí n gbé èyí tí mo yà gan-an jáde? Háà, Bọ̀ọ̀dá! Ṣebí ẹ̀yin lẹ jókòó ní ọ́fíìsì yín l'Álékùwodò lánàá, tẹ́ ẹ ka ìwé àdéhùn náà sí mi létí pé tí mo bá fi han ẹnikẹ́ni, ilé ẹjọ́ ni? Èmi tí mo bí i! Wọ́n gbọmọ lọ́wọ́ mi, wọ́n tún ní n ò gbọdọ̀ sọ pé ọmọ mi kọ́ lèyí. Ibo ni kí n gbà? Iwájú ò ṣeé lọ, ẹ̀yìn ò ṣeé padà sí.

Èyí tó wá dùn mí dé eegun: ọ̀sán ọjọ́ Ìsinmi yìí ni wọ́n máa gbé e sí tẹlifíṣọ̀n, Màmá sì ti pe gbogbo àwọn ìyá ìjọ Mẹ́tọ́díìsì sí pálọ̀ rẹ̀. Ó ní kí wọ́n wá wo òun. Ó ti lọ dirun, Bọ̀ọ̀dá! Ẹ má wolẹ̀, ojú mi ni kí ẹ wò!

Ẹ ò gbọ́ fóònù ni? Òun ló ń pè yẹn. Rárá, èmi ò ní gbé e. Ẹ gbà! Mo ní ẹ gbà á! Ẹ̀yin ni kí ẹ fẹnu ara yín sọ fún Màmá pé ojú ẹ̀ ò dáa tó.