Bí Ọlọ́run Ṣe Yọ Orúkọ Mi Lọ́wọ́ Àwọn Tó Ń Ta Ìpẹ́ Akíkà

Ẹ bá mi yin Ẹni tí kì í jẹ́ kí ojú ti olóòótọ́ láàárín ọ̀pọ̀ èèyàn! Ẹ ṣé, ẹ jókòó. Mo fẹ́ sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí ẹnu ẹni tí kò sí níbẹ̀ ni àwọn kan nínú yín ti gbọ́ ìdajì rẹ̀.

Èmi ni Ìyá Dọ́tun tó ń yan gààrí ní abúlé tó wà lẹ́yìn Akanran. Ẹ̀gẹ́ oko wa ni èmi àti àwọn obìnrin tá a jọ ń ṣiṣẹ́ máa ń bó, tá a máa lọ̀ ọ́, tá a máa fún omi rẹ̀, ká tó yan án. Dọ́tun ọmọ mi ló gbé àwòrán gààrí náà sórí fóònù, ni àwọn ọmọ wa tó wà lókè òkun bá bẹ̀rẹ̀ sí í rà á. Ó tẹ orúkọ mi àti ojú mi sára àpò. Mo máa ń wo àpò náà, inú mi a dùn pé èmi ọmọ àgbẹ̀ Ọ̀nà-Àrà, ojú mi ti dé ibi tí ẹsẹ̀ mi kò dé.

Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Kọ́lápọ̀ ló ń bá wa kó ẹrù lọ sí èbúté. Tó bá dé, á dọ̀bálẹ̀ gbalaja, á ní, "Mọ́mì, ẹ kú iṣẹ́." Ta ni kò ní fọkàn tán an?

Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, a wà nídìí agbada, ni ọkọ̀ àwọn aṣọ́bodè bá wọlé. Obìnrin kan tí kò ju àbúrò mi lọ ni ọ̀gá wọn. Ó bèèrè pé, "Ta ni Ìyá Dọ́tun?" Mo ní èmi ni. Ó fi fóònù rẹ̀ hàn mí. Àpò mi ni mo rí ní èbúté òkèèrè. Wọ́n ti fà á ya, ojú mi ń rẹ́rìn-ín lára rẹ̀, ìpẹ́ akíkà sì ń dà jáde láti àárín gààrí.

Akíkà ni ẹranko igbó tí ìpẹ́ bò lára, tó máa ń ká jọ róbótó bí ẹ̀rù bá bà á. Mi ò fọwọ́ kàn án rí. Mo sì sọ bẹ́ẹ̀. Ọ̀gá náà ní, "Ìyá, ó lè jẹ́ òótọ́ lẹ̀ ń sọ. Ṣùgbọ́n orúkọ yín ló wà lára ẹrù. Ẹ máa bá wa lọ."

Ní ọ́fíìsì wọn n'Íbàdàn, ó sọ ọ̀rọ̀ tó mú ara mi tutù. Ó ní ọjà kan wà lórí íńtánẹ́ẹ̀tì tí ojú gbogbo èèyàn kò tó, níbi tí olùtà àti olùrà kì í ti í mọ orúkọ ara wọn. Ìpẹ́ akíkà, ìbọn, oògùn olóró, gbogbo rẹ̀ ni wọ́n ń tà níbẹ̀. "Ọ̀nà kan náà tí ìpẹ́ yìí gbà jáde ni ìbọn ń gbà wọlé," ó wí bẹ́ẹ̀. "Ìdí nìyẹn tí àwọn orílẹ̀-èdè fi jọ tọwọ́ bọ̀wé pé bí ọ̀kan bá rí irú ẹrù yìí, kó ta èkejì lólobó. Àwọn tọ̀hún ló ta wá lólobó."

Ọkọ mi àti Baálẹ̀ wá ṣe onídùúró mi, àwọn aṣọ́bodè sì ní kí n máa ti ilé wá jẹ́jọ́. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ ti dúró. Àwọn èèyàn ní, "Abájọ tó fi ń kọ́lé." Ilé ọ̀hún kò tíì kúrò ní ìpìlẹ̀. Ìyá Ràṣídà tá a jọ ń yan gààrí ń wá lójoojúmọ́ láti gbálẹ̀ ibi tí iná ò ti jó mọ́. Ó ní, "Kí koríko má bàa hù sórí iṣẹ́ wa." Mùsùlùmí ni. Ọlọ́run á bá mi kẹ́ ẹ.

Kọ́lápọ̀ ti sá. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan ó fi nọ́ńbà tí mi ò mọ̀ pè mí.

"Mọ́mì, ẹ má bínú. Ọ̀rọ̀ yìí rọrùn. Ẹ sọ fún wọn pé Bàbá Ọdẹ́tọ́lá ló ní kẹ́ ẹ bá àwọn ta ìpẹ́ yẹn. Ọdẹ ni wọ́n, àwọn aṣọ́bodè á gbà yín gbọ́. Wọ́n sì ti darúgbó, wọn ò ní pẹ́ fi wọ́n sílẹ̀."

Bàbá Ọdẹ́tọ́lá ni àgbà ọdẹ abúlé wa. Ògún ni wọ́n ń bọ, wọn kì í wá sí ṣọ́ọ̀ṣì. Nígbà tí ọ̀rọ̀ ajínigbé le, àwọn ló ṣáájú àwọn tó ń ṣọ́ oko wa, bí ojú wọn ṣe ń ṣe bàìbàì tó yẹn.

Ọkọ mi gbọ́ ohun tí Kọ́lápọ̀ sọ. Wọ́n ní, "Ìyá Dọ́tun, ẹ̀wọ̀n ni wọ́n ń sọ o. Ọmọ yìí ò sì tíì jáde ilé ìwé."

Mi ò bá wọn jà. Ìbẹ̀rù ni. Ẹ̀rù ń ba èmi náà. Mo ní, "Bàbá Dọ́tun, tí mo bá fi bàbá yẹn rọ́pò ara mi, ojú wo ni mo tún fẹ́ tẹ̀ sára àpò?"

Wọ́n wò mí. Wọ́n wọ bàtà wọn. Wọ́n ní, "Ó yá, jẹ́ ká lọ bá ọ̀gá yẹn."

Ọ̀gá náà gbọ́ tán, ó ní, "Ó máa tún pè. Ẹ fọkàn balẹ̀, ẹ jẹ́ kó máa sọ̀rọ̀." A jókòó ti fóònù mi. Mò ń gbàdúrà nínú. Nígbà tó ṣe, fóònù dún, ọ̀gá sì tẹ̀ ẹ́ kí gbogbo wa lè gbọ́.

Mo ní, "Kọ́lápọ̀, tí wọ́n bá bi mí pé báwo ni ìpẹ́ ṣe dé inú àpò, kí ni kí n sọ?"

Ó ní, "Ẹ ní ilé yín lẹ ti dì í, Mọ́mì. Ẹ má dárúkọ ilé ẹrù mi tó wà lẹ́yìn ọjà l'Ẹgbẹ́dá, torí ibẹ̀ la ti tú àwọn àpò yẹn."

Èmi ò mọ̀ pé ó ní ilé ẹrù kankan l'Ẹgbẹ́dá. Ẹnu ara rẹ̀ ló fi júwe rẹ̀.

Ọjọ́ náà gan-an ni àwọn aṣọ́bodè débẹ̀. Wọ́n bá ìpẹ́, wọ́n bá eyín erin, wọ́n bá Kọ́lápọ̀ fúnra rẹ̀. Àwọn tiwa fi ohun tó wà nínú fóònù rẹ̀ ránṣẹ́ sí àwọn tòkèèrè, àwọn yẹn sì mú ẹni tó ń rà á lọ́wọ́ rẹ̀ ní ọjà ìkọ̀kọ̀ yẹn. Ẹ bá mi dúpẹ́. Mo dúpẹ́. Mo tún ọpẹ́ dá.

Ọ̀gá náà padà wá sí abúlé wa. Mo rò pé kọ̀rọ̀ ló máa pè mí sí. Ó ní rárá, kí wọ́n kó àwọn èèyàn jọ. Ó ní, "Níṣojú yín la ṣe mú ìyá yìí. Níṣojú yín náà ni mo fẹ́ sọ pé ọwọ́ wọn mọ́, àwọn ló sì ràn wá lọ́wọ́." Ó kúnlẹ̀ kí mi, pẹ̀lú aṣọ ìjọba lọ́rùn, nínú eruku. Mo sunkún. Kò sí ọba tó jù mí lọ ní Ọ̀nà-Àrà lọ́jọ́ yẹn.

Lónìí gààrí wa ti tún ń lọ. Àwọn aṣọ́bodè ń mú mi dé Lágelú àti Akínyẹlé kí n máa sọ fún àwọn àgbẹ̀ pé kí wọ́n mọ ẹni tí wọ́n ń gbé ẹrù lé lọ́wọ́.

Ìwọ tí wọ́n fi orúkọ rẹ ṣe ohun tí o ò mọ̀, má sá. Má sì ti ẹlòmíràn sí kòtò kí ìwọ lè jáde. Ọlọ́run rí ọ.

Bàbá Ọdẹ́tọ́lá ló jókòó sẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì yẹn. Mi ò pè wọ́n. Wọ́n gbọ́ pé mo fẹ́ jẹ́rìí ni wọ́n bá ní àwọn ń bọ̀. Ìsinsìnyí ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbọ́ ohun tí Kọ́lápọ̀ ní kí n sọ nípa wọn. Bàbá, ẹ má dìde, ẹ jókòó yín. Ẹ̀yin ará, ẹ bá mi kí wọn, kẹ́ ẹ sì bá mi yin Ọlọ́run tí kò jẹ́ kí n tà wọ́n.