Orin Tí Ìbọn Ń Gbè

Nígbà ìjà Warri, bàbá méjì dúró sídìí àtẹ bátìrì mi ní Deco Road, wọ́n ń tú Yorùbá sílẹ̀ bíi pé èmi ò gbọ́. Orin rọ́ọ̀kì àtijọ́ kan ń dún ní ṣọ́ọ̀bù tó kọjú sí mi.

“Orin wa rèé,” ni ẹni tí ikùn rẹ̀ ṣíwájú rẹ̀ dé wí. “Òun la fi ṣe ìwọ́de nílé ìwé, pé ogun tó gẹ́ẹ́.”

Èkejì ò rẹ́rìn-ín. “Ẹ̀gbọ́n, àwọn ọmọ tó ń gbé ìbọn wọ odò ló ń kọ ọ́ báyìí. Ìbọn ló ń bá wọn gbè é.”

“Na dem sabi,” ni mo já lu ọ̀rọ̀ wọn. “Kí ló kàn yín?”

“Ọmọ mi wà nínú wọn,” ni èkejì dá mi lóhùn. “Èmi ni mo kọ́ ọ lórin náà. Tó bá ṣì í kọ, mo máa ń ní kó tún un kọ.”